Kí ló dé tí clé tó ń ṣí ọ̀rọ̀ aṣínà kò ṣiṣẹ́ mọ́ lẹ́yìn mise à jour?

Ọjọ́ ọjà ni. Ọmọkùnrin kan tó ń tún kọ̀ǹpútà ṣe nítòsí ọjà níbí ní Kétu wọlé tọ̀ mí wá, ó gbé clé USB kan kalẹ̀ lórí tábìlì mi bí ẹni gbé òkú ẹyẹ kalẹ̀.

"Ẹ̀gbọ́n, ẹ kú iṣẹ́. Ẹ bá mi wo nǹkan yìí. Ọdún mẹ́ta ni mo ti ń fi í jẹun. Bí oníbàárà bá gbàgbé ọ̀rọ̀ aṣínà rẹ̀, màá ti clé bọ ara kọ̀ǹpútà rẹ̀, kí ó tó mu omi tí mo gbé fún un tán, ó ti ṣí. Àmọ́ láti ìgbà tí mise à jour tuntun ti wọlé, pàbó ló ń já sí. Windows tilẹ̀ ń pa ohun tó wà nínú rẹ̀ rẹ́ lójú mi báyìí. Ṣé wọ́n fẹ́ gba oúnjẹ lẹ́nu wa ni?"

Kì í ṣe òun nìkan. Mo ti gbọ́ irú ẹjọ́ yìí lẹ́nu tíṣà, lẹ́nu akọ̀wé, lẹ́nu àwọn tó ń ta kọ̀ǹpútà òkàsíọ́ọ̀nù. Ohun tó ń bà mí lẹ́rù ni ìmọ̀ràn tí wọ́n ń fún ara wọn lẹ́yìn ẹjọ́ náà: ẹ pa mise à jour, òun ló ń ba kọ̀ǹpútà jẹ́. Nítorí náà ni mo ṣe jókòó kọ èyí. Clé ọmọkùnrin yẹn kò bàjẹ́. Ọ̀nà tó ń gbà wọlé ni wọ́n dí, ó sì yẹ kí a mọ ẹni tó tún ń gba ọ̀nà yẹn wọlé yàtọ̀ sí òun.

Kí ni gbogbo orúkọ wọ̀nyí túmọ̀ sí?

Windows ni ètò àgbà tó ń darí kọ̀ǹpútà. Gbogbo ètò yòókù, abẹ́ rẹ̀ ni wọ́n ń jókòó sí. Mise à jour ni àtúnṣe tí Microsoft, tó ṣe Windows, ń fi ránṣẹ́ gba orí íntánẹ́ẹ̀tì. Láti ọdún 2003 ni wọ́n ti ya ọjọ́ Ìṣẹ́gun kejì nínú oṣù sọ́tọ̀ fún àtúnṣe tó jẹ mọ́ ààbò. Ẹni tó bá kíyè sí i yóò rí i pé kọ̀ǹpútà òun sábà máa ń bẹ̀rẹ̀ wàhálà "Redémarrer maintenant" ní àárín oṣù. Ìdí rẹ̀ nìyẹn.

Registry ni ìwé ńlá tí Windows ń kọ ètò ilé rẹ̀ sí: ta ló ń lò ó, ètò wo ló gbọ́dọ̀ jí bí iná bá tàn, ìtẹ̀wé wo ló wà níbẹ̀. Orí disk ni ìwé yìí ń gbé, iná lọ, iná dé, kò ní parẹ́. RAM yàtọ̀ sí i. RAM ni orí kọ̀ǹpútà nígbà tó bá lajú sílẹ̀. Ohun tó ń rò lọ́wọ́ ló wà níbẹ̀, bí iná bá sì ti lọ, ó gbàgbé gbogbo rẹ̀.

Dump ni kí a da gbogbo inú nǹkan sílẹ̀. Ẹ ti rí i níbi tí àwọn ẹ̀ṣọ́ ibodè ti ní kí èèyàn da inú àpò rẹ̀ sórí tábìlì: owó, kọ́kọ́rọ́, ìwé ìdánimọ̀, obì tó jẹ kù. Irinṣẹ́ dump kì í yan. Ó da gbogbo rẹ̀ sílẹ̀, ẹni tó ni ín á wá máa ṣà á. Oríṣi méjì ló wà nínú clé ọmọkùnrin yẹn: ọ̀kan ń da ojú ìwé tí orúkọ àwọn èèyàn wà nínú registry, èkejì ń da ohun tó wà nínú orí kọ̀ǹpútà, ìyẹn nínú RAM.

Níbo gan-an ni Windows ń tọ́jú ọ̀rọ̀ aṣínà sí?

Windows kì í kọ ọ̀rọ̀ aṣínà yín sílẹ̀ bí ẹ ṣe tẹ̀ ẹ́. Ó máa ń lọ̀ ọ́ ni. Ẹ rántí iṣu tí a bó, tí a gé, tí a bọ̀, tí a sá, tí a gbé lọ sí ẹ̀rọ kó tó di èlùbọ́. Ẹni tó bá rí èlùbọ́ lórí àtẹ kò lè tò ó padà di iṣu. Ní àárọ̀, bí ẹ bá tẹ ọ̀rọ̀ aṣínà yín, Windows á lọ̀ ọ́ lójú ẹsẹ̀, á fi wé èlùbọ́ tó ti fi pamọ́ láti ọjọ́ tí ẹ kọ́kọ́ yan ọ̀rọ̀ náà. Bí méjèèjì bá bára mu, ilẹ̀kùn ṣí. Èlùbọ́ yìí ni àwọn tó mọ iṣẹ́ náà ń pè ní hash, ojú ìwé tó ń gbé nínú registry ni wọ́n sì ń pè ní SAM.

Ẹ ó ní, bó bá jẹ́ pé èlùbọ́ ni, kí ni olè fẹ́ fi ṣe?

Ohun méjì. Àkọ́kọ́, iṣu kan náà ló ń bí èlùbọ́ kan náà nígbà gbogbo. Windows kì í fi iyọ̀ sí i (iyọ̀ gan-an ni wọ́n ń pè é nínú iṣẹ́ yìí, n kò fi ṣe àwàdà): kò sí nǹkan tó fi ń ya èlùbọ́ tèmi sọ́tọ̀ sí tiyín bí ọ̀rọ̀ wa bá jọra. Olè á gbé èlùbọ́ yín lọ sílé rẹ̀, á máa lọ iṣu tirẹ̀ lọ́kọ̀ọ̀kan, ọ̀kẹ́ àìmọye ní ìṣẹ́jú àáyá kan, títí ọ̀kan á fi bá tiyín mu. Ẹni tó bá fi orúkọ ọmọ rẹ̀ àti ọdún tí wọ́n bí i ṣe ọ̀rọ̀ aṣínà, kò ní pẹ́ lọ́wọ́ rẹ̀.

Ìkejì ló burú jù, òun sì ni ọ̀pọ̀ kò mọ̀. Nínú ọ́fíìsì tí àwọn kọ̀ǹpútà ti so mọ́ra wọn, ilẹ̀kùn kọ̀ọ̀kan kì í béèrè iṣu. Èlùbọ́ ló ń wọ̀n. Nítorí náà, olè tó bá ti ní èlùbọ́ lọ́wọ́ kò nílò láti mọ ọ̀rọ̀ aṣínà yín rárá. Èlùbọ́ náà ló máa gbé dé ilẹ̀kùn kejì, wọ́n á sì ṣí fún un. Láti ọdún 1997 ni ayé ti mọ̀ nípa èyí. Ẹ wá ro ti ọ́fíìsì tí onímọ̀ kọ̀ǹpútà wọn fi ọ̀rọ̀ aṣínà kan ṣoṣo sí gbogbo ẹ̀rọ mẹ́wàá kó má baà gbàgbé. Ẹ̀rọ kan bọ́ sọ́wọ́ olè, mẹ́wàá ló bọ́.

Kí ló mú kí clé náà máa ṣiṣẹ́ tẹ́lẹ̀?

Nígbà tí Windows bá lajú, ó jókòó lé ìwé SAM lórí. Ẹ kò lè ṣí i, ẹ kò lè ṣe àdàkọ rẹ̀ bí ẹ ṣe ń ṣe sí fọ́tò. Àwọn tó fẹ́ ẹ wá ń gba ẹ̀yìn. Àwọn kan á di administrateur ná, ìyẹn ẹni tí Windows fún ní àṣẹ ilé, wọ́n á wá fi irinṣẹ́ fa ìwé náà yọ lábẹ́ rẹ̀. Àwọn mìíràn á jẹ́ kí Windows sùn, wọ́n á tan kọ̀ǹpútà láti ara clé, wọ́n á wá kó ìwé náà nígbà tí onílé kò tíì jí.

Eré ológbò àti eku ni ìyókù ìtàn náà. Ní 1997 ni irinṣẹ́ kan tí wọ́n ń pè ní pwdump jáde, tó ń da SAM sílẹ̀. Ní ọdún yẹn kan náà ni Microsoft fi àtúnṣe kẹta sí Windows NT 4.0, tí wọ́n fi àdììtú mìíràn bo èlùbọ́ inú ìwé náà. Irinṣẹ́ kọ́ bí wọ́n ṣe ń tú àdììtú náà. Ní oṣù Kẹjọ 2016, àtúnṣe ńlá Windows 10 tí nọ́ńbà rẹ̀ ń jẹ́ 1607 tún yí àdììtú náà padà sí èyí tó le jù. Ọjọ́ náà ni ohun tó pa mí lẹ́rìn-ín ṣẹlẹ̀: àwọn irinṣẹ́ àtijọ́ kò sọ pé ó ti sú àwọn. Wọ́n ń bá iṣẹ́ lọ, wọ́n sì ń kọ ọ́ sílẹ̀ pé kò sí ẹni tó ní ọ̀rọ̀ aṣínà nínú ilé náà. Èlùbọ́ asán ni wọ́n ń kó fún olúkúlùkù, bákan náà fún bàbá àti ọmọ. Mo mọ ẹni tó bá oníbàárà rẹ̀ jà lórí èyí, tó ń búra pé ẹ̀rọ náà kò ní ọ̀rọ̀ aṣínà rárá, nígbà tí ẹ̀rọ náà ń béèrè ọ̀rọ̀ aṣínà lójú àwọn méjèèjì.

Ìgbà tí Windows fúnra rẹ̀ gbàgbé láti ti àpótí

Kí ẹ má baà rò pé Microsoft kì í ṣe àṣìṣe, ẹ gbọ́ ti oṣù Keje 2021. Àṣírí tú pé láti Windows 10 tí nọ́ńbà rẹ̀ ń jẹ́ 1809, tó jáde ní 2018, wọ́n ti fún gbogbo ẹni tó bá ń lo ẹ̀rọ ní àṣẹ láti ka ìwé SAM. Kì í ṣe administrateur nìkan, títí kan àlejò tó jókòó láti tẹ lẹ́tà kan. Bẹ́ẹ̀ ni, Windows ṣì jókòó lé ìwé náà lórí bí ó bá lajú. Ṣùgbọ́n Windows máa ń ya fọ́tò disk rẹ̀ pamọ́ nígbà mìíràn, kó lè padà sí bó ṣe wà bí nǹkan bá bàjẹ́. Kò jókòó lé fọ́tò. Ẹni tó bá mọ ọ̀nà á lọ ka ìwé náà lára fọ́tò. Àwọn èèyàn sọ ọ́ ní HiveNightmare. Nọ́ńbà rẹ̀ nínú ìwé àkọsílẹ̀ àléébù ni CVE-2021-36934.

Ní oṣù Kẹjọ, mise à jour gba àṣẹ náà padà. Ṣùgbọ́n ẹ wo ibi tí ọ̀rọ̀ náà kù sí: àtúnṣe náà ti àpótí, kò sun àwọn fọ́tò àtijọ́. Ẹni tó ni ẹ̀rọ ló gbọ́dọ̀ fọwọ́ ara rẹ̀ pa wọ́n rẹ́. Mélòó nínú wa ló ṣe é? Nítorí náà ni mo ṣe máa ń sọ fún àwọn tó ń kọ́ṣẹ́ pé kí wọ́n máa ka ohun tí mise à jour sọ, kí wọ́n má kàn tẹ "OK".

Oníbodè tó ń rántí jù

Ibi tí ọ̀rọ̀ náà ti dùn jù nìyí, nítorí náà ẹ jẹ́ kí n mú un lọ síbi tí ọmọ Kétu á ti mọ̀ ọ́n.

Ẹni tó bá ti dé Àkàbà Ìdènà mọ̀ pé ẹnubodè náà kì í ṣe ilẹ̀kùn lásán. Ilé ni. Ẹ ó wọ̀ ọ́ láti ìta, ẹ ó la inú rẹ̀ kọjá, kí ẹ tó yọ sínú ìlú. Nígbà tí odi àti yàrà yí Kétu ká, oníbodè ló ń mọ ẹni tó wọlé àti ẹni tó jáde. Ẹ wá fojú inú wo oníbodè tó gbọ́ ọ̀rọ̀ àṣírí yín ní àárọ̀. Bí ẹ bá jáde lọ oko, kò ní fẹ́ kí ẹ tún máa pe ọ̀rọ̀ náà ní ọ̀sán àti ní ìrọ̀lẹ́. Á fi í sọ́kàn. Ìrọ̀rùn ni fún yín.

Windows ní oníbodè bẹ́ẹ̀. LSASS ni orúkọ rẹ̀. Òun ló ń gbọ́ ọ̀rọ̀ aṣínà yín láàárọ̀, tó sì ń fi í sọ́kàn kí ẹ lè tẹ̀wé sórí ẹ̀rọ tó wà ní yàrá kejì tàbí kí ẹ ṣí fáìlì lórí ẹ̀rọ ọ̀gá láìtún tẹ nǹkan kan. Ọkàn rẹ̀ náà ni RAM. Àléébù tó wà níbẹ̀ ni pé láti ìgbà Windows XP ni wọ́n ti ní ètò kan tó ń jẹ́ WDigest, tí kì í fi èlùbọ́ nìkan sọ́kàn oníbodè. Iṣu fúnra rẹ̀ ló ń fi síbẹ̀. Wọ́n fi àdììtú bò ó díẹ̀, ṣùgbọ́n kọ́kọ́rọ́ àdììtú náà wà nínú orí oníbodè kan náà.

Ọmọ ilẹ̀ Faransé kan, Benjamin Delpy, ló rí i. Ó kọ̀wé sí Microsoft. Èsì tí wọ́n fún un ni pé èyí kì í ṣe àléébù, nítorí ẹni tó bá lè dé ibẹ̀ ti gba kọ̀ǹpútà náà tán. Ní 2011, ó tẹ irinṣẹ́ kan jáde tó fi hàn gbangba, ó sọ ọ́ ní Mimikatz. Irinṣẹ́ náà á da orí oníbodè sílẹ̀, á sì ka ọ̀rọ̀ aṣínà gbogbo ẹni tó ti wọlé láti àárọ̀, tó fi mọ́ onímọ̀ kọ̀ǹpútà tó kàn yà wá tún nǹkan kékeré ṣe.

Ní 27 oṣù Kẹfà 2017 ni ayé rí ohun tí èyí lè dá sílẹ̀. Àrùn kọ̀ǹpútà kan tí wọ́n sọ ní NotPetya bẹ̀rẹ̀ ní Ukraine, ó gbé irú irinṣẹ́ Mimikatz sínú. Bó bá ti mú ẹ̀rọ kan, á da orí oníbodè ibẹ̀ sílẹ̀, á fi ohun tó bá rí wọ ẹ̀rọ kejì, ẹ̀kẹta, títí ilé iṣẹ́ náà á fi parẹ́. Ó mú Maersk, ilé iṣẹ́ ọkọ̀ ojú omi tí orúkọ rẹ̀ wà lára àwọn kọ̀ǹténà tó ń kọjá lójú títì wa láti Kútọnu. Àwọn fúnra wọn sọ pé àdánù náà tó 200 sí 300 mílíọ̀nù dọ́là. Gbogbo ẹ̀rọ àgbà tó ń tọ́jú orúkọ àwọn òṣìṣẹ́ wọn ló lọ, àyàfi ẹyọ kan. Ghana ni èyí wà. Iná ti lọ níbẹ̀ kí àrùn náà tó dé, nítorí náà ẹ̀rọ náà ti kú ní tirẹ̀, kò sí ohun tó lè wọ ara òkú. Ara ẹ̀rọ yẹn ni wọ́n ti bẹ̀rẹ̀ sí í kọ́ ilé wọn padà. Àwa tí iná ń yọ lẹ́nu, ẹ jẹ́ kí á fi èyí yọ̀ lẹ́ẹ̀kan.

Kí wá ni mise à jour ń ṣe gan-an?

Ó ń kọ́ oníbodè lẹ́kọ̀ọ́, ó sì ń kọ́ ilé sí i lára.

Ẹ̀kọ́ àkọ́kọ́: gbàgbé iṣu. Ní 2013, Windows 8.1 jáde pẹ̀lú WDigest ní pípa. Ní oṣù Karùn-ún 2014, Microsoft fi àtúnṣe ránṣẹ́ sí Windows 7 àti Windows 8 pé kí àwọn náà lè pa á, àmọ́ lórí àwọn wọ̀nyẹn ẹni tó ni ẹ̀rọ ló gbọ́dọ̀ kọ ọ́ sínú registry kó tó ṣẹlẹ̀. Ẹni tí kò gbọ́ kò ṣe é.

Ẹ̀kọ́ kejì ni èyí tó ya ọmọkùnrin yẹn lẹ́nu jù: ẹnikẹ́ni kò gbọ́dọ̀ fọwọ́ kan oníbodè, bó jẹ́ ọmọ ọba ni. Windows 8.1 náà ló mú un wá. Tẹ́lẹ̀, ẹni tó bá jẹ́ administrateur lè ní kí oníbodè da inú rẹ̀ sílẹ̀, oníbodè á sì gbọ́. Nísinsìnyí, tí ààbò yìí bá wà ní títàn, Windows á béèrè lọ́wọ́ ètò tó ń sún mọ́ ọn: ta ló fọwọ́ sí ọ? Bí kì í bá ṣe òǹtẹ̀ tí Microsoft mọ̀ fún iṣẹ́ yẹn gan-an, ó di, àṣẹ ilé kankan kò ràn án. Ọ̀pọ̀ ọdún ni ààbò yìí fi wà níbẹ̀ láìsí ẹni tó tàn án. Láti Windows 11 ti 2022 ni wọ́n ti ń tàn án fúnra wọn lórí àwọn ẹ̀rọ ọ́fíìsì tuntun. Lórí Windows 11 tiyín, ẹ lọ sí Sécurité Windows, kí ẹ wọ abala tó wà fún ààbò ẹ̀rọ, kí ẹ ṣí Isolation du noyau. Ibẹ̀ ni ẹ ó ti rí i bóyá ó wà ní títàn.

Ẹ̀kọ́ kẹta ni wọ́n fi ilé tuntun kọ́. Windows 10 ti àwọn ilé iṣẹ́ ńlá, ní 2015, mú Credential Guard wá. Ó dá kọ̀ǹpútà kékeré kan sílẹ̀ nínú kọ̀ǹpútà, ó kó ohun iyebíye tó wà lọ́kàn oníbodè lọ síbẹ̀. Oníbodè ṣì jókòó ní ẹnubodè, ó ṣì ń dá àlejò lóhùn, ṣùgbọ́n bí ó bá nílò àṣírí kan, á ránṣẹ́ sí yàrá inú, èsì nìkan ni wọ́n á fún un. Ẹ da orí rẹ̀ sílẹ̀, ohun tẹ́ ẹ máa rí ṣà kò tó nǹkan mọ́. Èyí náà ni wọ́n tàn fúnra wọn ní 2022, lórí àwọn ẹ̀rọ ilé iṣẹ́ àti ilé ẹ̀kọ́ tí agbára wọn tó o.

Lẹ́yìn èyí ni ẹ̀ṣọ́ tó ń rìn kiri, ìyẹn Defender, ètò tí Windows fúnra rẹ̀ fi ń lé àrùn kọ̀ǹpútà. Òun ló pa fáìlì inú clé rẹ́. Ó mọ Mimikatz àti àwọn ẹbí rẹ̀ lójú, ó sì mọ ìṣesí wọn: bí ètò tí kò mọ̀ rí bá ń nawọ́ sí oníbodè, ó lè dá a dúró kí ó tó béèrè orúkọ rẹ̀.

Ṣé ààbò yìí kò ṣeé là kọjá? Ó ṣeé là. Ọ̀nà kan wà tí àwọn èèyàn ń gbà wọlé sí oníbodè nígbà tí ààbò kejì yẹn wà ní títàn. Mise à jour ti oṣù Keje 2022 ló dí i. Àwọn kan ń gbé dráífà (ètò kékeré tí Windows fi ń darí ohun èlò bí ẹ̀rọ ìtẹ̀wé) àtijọ́ tó ní àléébù wọlé, torí pé ó ní òǹtẹ̀ tòótọ́ lára, wọ́n á wá gba inú ihò rẹ̀ kọjá. Microsoft wá ń kọ orúkọ irú dráífà bẹ́ẹ̀ sínú ìwé àwọn tí kò gbọ́dọ̀ wọlé. Nítorí náà, ààbò tí kò bá gba mise à jour lóṣooṣù, ti ọdún tó kọjá ló ń ṣọ́.

Àbí èmi kọ́ ni mo ni kọ̀ǹpútà mi?

Ìbéèrè yìí dun ọmọkùnrin yẹn, ó sì tọ́ kó dùn ún. "Mo fi owó mi rà á, mo jẹ́ administrateur, kí ló dé tí ẹ̀rọ ń dí mi lọ́nà?"

Ìdáhùn mi ni pé Windows kò rí ojú yín. Aṣọ ló ń rí. Olè tó bá ti tan ọ̀dọ́mọdé kan nínú ọ́fíìsì láti ṣí fáìlì kan tó wá pẹ̀lú ímeèlì, aṣọ ọmọ náà ló wọ̀ láti ìgbà náà lọ. Bí ọmọ náà bá jẹ́ administrateur, olè náà di administrateur. Irinṣẹ́ tó wà lọ́wọ́ atúnkọ̀ǹpútàṣe àti èyí tó wà lọ́wọ́ gáímáànì, ìyẹn oníjìbìtì orí íntánẹ́ẹ̀tì, ọ̀kan náà ni, nígbà mìíràn orí ìkànnì kan náà ni wọ́n ti fà á. Ẹ̀rọ kò lè mọ inú ẹni tó dì í mú. N kò sọ pé Microsoft ń ṣe é nítorí ìfẹ́ wa. Wọ́n ń tọ́jú orúkọ wọn ni. Ṣùgbọ́n nínú ọ̀rọ̀ yìí, mo wà lẹ́yìn wọn.

Òfin wa ní Benin náà wà níbẹ̀. Òfin 2017-20 ti 20 oṣù Kẹrin 2018, tí a ń pè ní Code du numérique, ka wíwọ inú ẹ̀rọ ẹlòmíràn láìní ẹ̀tọ́ sí ẹ̀ṣẹ̀. Bí ẹni tó gbé kọ̀ǹpútà wá kò bá jẹ́ ẹni tó ni ín, atúnṣe tó ṣí i ti wọ gàù. Mo bi ọmọkùnrin yẹn bóyá ó máa ń béèrè ìwé rírà. Ó wo ilẹ̀.

Àwọn àgbà ń sọ pé nígbà tí Dahomey ṣẹ́gun ìlú yìí ní 1886, ebi àti ẹ̀tàn ló ṣe é ju agbára lọ. Ẹ̀tàn náà ló kù fún olè kọ̀ǹpútà báyìí. Bí ó bá pè yín lórí fóònù pé òun ni onímọ̀ kọ̀ǹpútà ilé iṣẹ́ yín, tí ẹ sì ka ọ̀rọ̀ aṣínà yín fún un, ẹ̀yin lẹ ṣílẹ̀kùn. Oníbodè kò jẹ̀bi.

Ṣé kí n pa mise à jour kí clé mi lè ṣiṣẹ́?

Rárá o. Ẹ ó ṣí ilẹ̀kùn fún clé yín, ẹ ó sì ṣí i fún gbogbo ayé.

Ìṣòro wa níbí tilẹ̀ yàtọ̀. Ọ̀pọ̀ ẹ̀rọ tó wà lọ́wọ́ wa jẹ́ òkàsíọ́ọ̀nù láti Yúróòpù, Windows tó wà lórí wọn sì ti darúgbó. Windows 7 kò gba àtúnṣe lásán mọ́ láti 14 oṣù Kìíní 2020. Windows 10 tẹ̀lé e ní 14 oṣù Kẹwàá 2025. Ètò àfikún kan wà fún ẹni tó bá forúkọ sílẹ̀, kì í ṣe títí láé. Windows 11 sì ń béèrè èròjà ààbò kan tí wọ́n ń pè ní TPM 2.0 àti prósésọ̀ tí kò gbó jù. Kí ẹ tó san owó lórí ẹ̀rọ òkàsíọ́ọ̀nù, ẹ béèrè bóyá ó lè gba Windows 11. Bí olùtajà bá ní "ó ń ṣiṣẹ́ dáadáa", ẹ tún un béèrè.

Oníbàárà gbàgbé ọ̀rọ̀ aṣínà rẹ̀ lóòótọ́ ńkọ́?

Ọ̀nà tó tọ́ wà, ó kàn ń béèrè sùúrù. Bí ẹni náà bá ń fi àdírẹ́sì ímeèlì wọ Windows rẹ̀, àkáǹtì Microsoft ni. Fóònù rẹ̀ lè gba kóòdù, á sì yan ọ̀rọ̀ tuntun lórí íntánẹ́ẹ̀tì. Bó bá jẹ́ orúkọ lásán ló fi ń wọlé, Windows láti 2018 máa ń béèrè ìbéèrè mẹ́ta nígbà tí wọ́n bá dá àkáǹtì sílẹ̀. Ìdáhùn wọn ló máa ṣí i. Administrateur mìíràn lórí ẹ̀rọ náà lè yí i padà. Bí gbogbo rẹ̀ bá kọ̀, ẹ kó fáìlì rẹ̀ jáde, kí ẹ tún Windows gbé sórí rẹ̀.

Ẹ ṣọ́ra lórí èyí tó gbẹ̀yìn yẹn. Bí disk náà bá ní BitLocker, àdììtú ti bo gbogbo rẹ̀, ẹni tó bá tan ẹ̀rọ láti ara clé kò ní rí nǹkan kan, SAM tàbí fọ́tò ìgbéyàwó. Lórí Windows 11 ti 2024, tí wọ́n bá ṣẹ̀ṣẹ̀ gbé e sórí ẹ̀rọ tí wọ́n sì fi àkáǹtì Microsoft wọlé, àdììtú náà sábà máa ń tàn fúnra rẹ̀ láìsọ fún onílé. Kọ́kọ́rọ́ rẹ̀ jẹ́ nọ́ńbà 48, inú àkáǹtì Microsoft ẹni náà ló sábà ń wà. Ẹ kọ ọ́ sínú ìwé, kí ẹ fi pamọ́ síbi tí kì í ṣe inú àpò kọ̀ǹpútà náà.

Kọ̀ǹpútà tí ọmọkùnrin yẹn gbé wá pẹ̀lú clé lọ́jọ́ náà, ti tíṣà kan ni. A pè é, ó dé pẹ̀lú ìwé rírà rẹ̀ àti fóònù rẹ̀, kóòdù wọlé, ó yan ọ̀rọ̀ tuntun. Ìṣẹ́jú mẹ́wàá. Nígbà tí tíṣà na owó, ọmọkùnrin náà yí ojú sí mi, ó rẹ ohùn sílẹ̀:

"Ẹ̀gbọ́n, mi ò lo clé. Ṣé kí n gbà á?"

Mo ní kó gbà á. Clé náà ṣì wà nínú àpótí tábìlì mi. Kò tíì padà wá mú un.